Ẹsẹ̀ Òsì Mi àti Àdúrà Bàbá Mi

Olùkọ́ tó fẹ́ fọn fèrè ti ní kí kálukú lọ sí ààyè rẹ̀. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ bí mo ṣe máa ń ṣe, mo tẹ ọwọ́ méjèèjì sí ẹ̀yìn ìlà. Nígbà tí mo fẹ́ fa ẹsẹ̀ òsì mi síwájú, ó dà bí ẹni pé ẹsẹ̀ ẹlòmíràn ni wọ́n so mọ́ mi. Mo fọwọ́ kàn án. Èmi mọ̀ pé mo fọwọ́ kàn án, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ náà kò mọ̀. Fèrè dún, àwọn márùn-ún yòókù lọ, èmi sì dojú bolẹ̀ lórí pápá ilé ìwé wa ní Ìjerò, eruku kún mi lẹ́nu.

Ìdíje yẹn ni wọ́n fẹ́ fi yan àwọn tí yóò ṣojú agbègbè wa ní Àkúrẹ́. Abẹ́ Ìpínlẹ̀ Oǹdó ni gbogbo wa ṣì wà nígbà náà. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni mí, irínwó mítà ni eré mi, ó sì ti tó ọdún méjì tí ọmọbìnrin kankan kò tíì ṣíwájú mi láti Ẹ̀fọ̀n títí dé Ìpòtì. Olùkọ́ eré ìdárayá sáré wá, ó ní iṣan ló fà mí, ó fi ìpara gbígbóná ra á. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, sà. Inú mi mọ̀ pé kì í ṣe iṣan.

Bí mo bá ní ọjọ́ yẹn ni àìsàn náà bẹ̀rẹ̀, irọ́ ni mo pa. Ó ti tó oṣù mẹ́ta tí oúnjẹ kì í lọ lọ́nà ọ̀fun mi dáadáa. Bí ìdíje bá ti ku ọjọ́ mẹ́ta, inú mi á bẹ̀rẹ̀ sí ṣí, àyà mi á máa já. Mo máa ń jí kí àkùkọ tó kọ, n kò sì ní rí oorun sùn mọ́, ni màá bá wọ bàtà, màá lọ máa sáré gun òkè. Gbogbo ilé ń yìn mí. Bàbá mi á ní ẹ wo ọmọ tó mọ ohun tó ń wá láyé. Àìsùn ni wọ́n ń pè ní akitiyan. Ẹ̀yin tí ẹ ní ọmọ tó ń sáré tàbí tó ń gbá bọ́ọ̀lù, ẹ gbọ́ mi: ọmọ tó ń jí lójoojúmọ́ láìsí ẹni tó jí i, ẹ bi í léèrè ohun tó jí i.

Ọ̀gá ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni bàbá mi. Gbogbo ìlú ń pè é ní Tíṣà, ìyá mi pàápàá. (Ẹ má bínú pé mò ń pe bàbá mi ní "ó." Ará Èkìtì ni wá, bí a ṣe ń bá ara wa sọ̀rọ̀ nílé nìyẹn, kì í ṣe àìlẹ́kọ̀ọ́.) Onígbàgbọ́ ni wá, ọmọ ìjọ Áńgílíkà, àdúrà òwúrọ̀ kì í sì í yẹ̀ nílé wa. Bí a bá ti kọrin, tí a ka Bíbélì tán, gbogbo wa á kúnlẹ̀ ní pálọ̀, Tíṣà á wá máa dárúkọ wa níkọ̀ọ̀kan, kálukú pẹ̀lú ohun tó ń tọrọ fún un. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin, ìdánwò rẹ̀. Èmi, eré. Àbúrò mi obìnrin, ikọ́ tó ń yọ ọ́ lẹ́nu. Tèmi ló máa ń gùn jù. Á dárúkọ ìdíje tó ń bọ̀, á dárúkọ ilé ìwé tó fẹ́ bá mi dù ú, á ní kí Olúwa fún ẹsẹ̀ mi lágbára kí n má baà dójú ti ilé. Ìfẹ́ ni. Mo mọ̀ nígbà náà pé ìfẹ́ ni, ìyẹn gan-an ló jẹ́ kí ó wúwo.

Ilẹ̀ ọjọ́ kejì ìdíje náà mọ́, ẹsẹ̀ náà ṣì ń wọ́ nílẹ̀. Wọ́n gún mi ní abẹ́rẹ́ ibà, kò yí padà. Bàbá mi gbé mi lọ sí ilé ìwòsàn ìjọba kan ní Adó. A débẹ̀ ní aago méje àárọ̀, ó di aago méjì ọ̀sán kí wọ́n tó pe nọ́ńbà tó wà lára káàdì wa. Obìnrin kan tó gbé ọmọ tí ara rẹ̀ gbóná jókòó tì mí lórí bẹ́ǹṣì, ó bu àkàrà fún mi, n kò lè gbé e mì. Wọ́n ya fọ́tò egungun mi, wọ́n gba ẹ̀jẹ̀ mi. Dókítà fi òòlù kékeré kan lu orúnkún mi, ẹsẹ̀ náà ta sókè. Ó ní egungun kò ṣẹ́, iṣan kò já, ẹ̀jẹ̀ mọ́, kí n lọ sinmi, kí a sì padà wá bí kò bá lọ.

Nínú ọkọ̀, bàbá mi ń wo ojú ọ̀nà títí a fi kọjá Aràmọ̀kọ. Lẹ́yìn náà ló bi mí, kò wo ojú mi: "Bùnmi, ṣé o ń díbọ́n ni?"

Mo ní rárá. Ìbéèrè yẹn dùn mí ju ẹsẹ̀ lọ, nítorí èmi náà ti ń bi ara mi.

Àwọn ará àdúgbò ní tiwọn ti mọ ohun tó ṣe mí. Wọ́n ní ayé ni. Wọ́n ní àwọn tí mo ń borí ti fi nǹkan dè mí lórí pápá, mo sì ti tẹ̀ ẹ́. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Ọ̀rọ̀ náà fẹ́rẹ̀ẹ́ tù mí nínú. Bó bá jẹ́ ọ̀tá ló ṣe é, a jẹ́ pé kì í ṣe èmi.

Oṣù méjì tó tẹ̀lé e, n kò fẹ́ràn láti máa sọ ọ́. Mo kọjú sí ògiri láti àárọ̀ di alẹ́. Ìyá mi ń wẹ̀ fún mi, èmi ọmọge. Àwọn ìwé ẹ̀rí tí mo gbà níbi eré wà nínú férémù lára ògiri pálọ̀, mẹ́sàn-án ni wọ́n, n kò sì lè kọjá lábẹ́ wọn láìbojú wolẹ̀. Nígbà mìíràn mo máa ń gba àdúrà tèmi, pé kí ilẹ̀ má mọ́ bá mi. N kò sọ fún ẹnikẹ́ni. Ẹni tó bá ń ka èyí, tó sì ń gba irú àdúrà bẹ́ẹ̀, kó wá ẹnì kan sọ ọ́ fún lónìí, kó má ṣe bíi tèmi. Kì í ṣe àìlèrìn ló ń dẹ́rù bà mí. Ohun tó ń dẹ́rù bà mí ni pé bí n kò bá sáré mọ́, kí ni bàbá mi yóò rí tọrọ bó bá dé orí orúkọ mi?

Ìyá mi ló ní kí n lọ lo ọ̀sẹ̀ méjì lọ́dọ̀ ìyá òun ní Erìjìyàn. Màmá àgbà kò mọ irínwó mítà. Kòkó ló mọ̀, àti uṣu, bí a ṣe ń pe iṣu lẹ́nu tiwa. Ó jí mi lówùúrọ̀ ọjọ́ kìíní, ó ní, "Ọlọ́run, a jí, a dúpẹ́," ó sì gbé ọ̀bẹ àti uṣu lé mi lọ́wọ́ pé kí n bẹ ẹ́. Àdúrà ti parí nìyẹn. Ojoojúmọ́ ni mò ń jókòó bẹ iṣu, tí mò ń bá a sá kòkó. Ní ọjọ́ kẹfà, omi tán nínú ìkòkò, mo gbé korobá, mo lọ pọn ọ́n. Ìgbà tí mo padà dé ẹnu ọ̀nà ni mo tó mọ̀ pé n kò wọ́ ẹsẹ̀.

Mo padà sí Ìjerò lórí ẹsẹ̀ méjèèjì. Tíṣà yọ̀ títí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jó. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì a kúnlẹ̀, ó dé orí orúkọ mi, ó dúpẹ́ pé ẹsẹ̀ ti padà, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí tọrọ nítorí ìdíje kan tó tún ń bọ̀. Ìyá mi kì í di ojú tán bí a bá ń gbàdúrà. Ó ní ẹni tó gbé ìkòkò kaná kò lè di ojú méjèèjì. Òun ló rí i. Ó rí i bí àwọn ìka ẹsẹ̀ òsì mi ṣe ká wọnú, tí ẹsẹ̀ náà bẹ̀rẹ̀ sí gbọ̀n. Nígbà tí a ṣe Àmín, n kò lè dìde.

"Tíṣà," ìyá mi ní, "àdúrà rẹ ni."

Bàbá mi wò ó bí ẹni tó gbọ́ èébú. Ọjọ́ mẹ́ta ni kò fi bá a sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ó gbé mi padà lọ sí Adó, ìyá mi bá wa lọ, òun ló sì ro ohun tó rí fún dókítà. Dókítà kọ lẹ́tà fún wa lọ sọ́dọ̀ oníṣègùn ọpọlọ kan, ní ilé ìwòsàn ńlá tó jìnnà sí wa. Ìdájí la kúrò nílé kí ojú má baà rí wa, Tíṣà sì sọ fún aládùúgbò pé nítorí ẹsẹ̀ ni. Mo rò pé wèrè ni màá bá níbẹ̀, nínú ẹ̀wọ̀n. Akẹ́kọ̀ọ́ kan ni mo bá, àti ìyálọ́mọ, àti ọkùnrin kan tó wọ táì. Gbogbo wa ń wo ilẹ̀.

Obìnrin ni dókítà náà. Ó ní ẹ̀rù tí ènìyàn kò rí ibi sọ ọ́ sí máa ń wá ibi jókòó sí nínú ara: ti ẹlòmíràn, orí, ti ẹlòmíràn, inú, tèmi, ẹsẹ̀ tí gbogbo ilé ń wò. Ó ní n kò díbọ́n rárá, pé ẹsẹ̀ pé, ọpọlọ ni kò rán an níṣẹ́ mọ́. Ó ní ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn tún wà níbẹ̀, ó sì ṣàlàyé pé èyí kì í ṣe ìbànújẹ́ ọjọ́ kan. Àìsàn ni, ó ń gba oorun, oúnjẹ àti ìrètí lọ́wọ́ ènìyàn, ó sì ní ìtọ́jú. Oògùn tó fún mi ń jẹ́ kí ẹnu mi gbẹ, ṣùgbọ́n mo sùn. Ọ̀sẹ̀ méjì méjì ni mò ń lọ bá a sọ̀rọ̀, nọ́ọ̀sì kan sì ń kọ́ ẹsẹ̀ mi ní rírìn bí ọmọ ọdún kan. Ní ọjọ́ àkọ́kọ́ yẹn náà ni dókítà kọjú sí bàbá mi, ó ní kó yọ eré kúrò nínú àdúrà.

"Kí n má gbàdúrà fún ọmọ mi?"

"Ẹ gbàdúrà fún un, sà. Eré ni kí ẹ fi sílẹ̀."

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, Tíṣà dárúkọ ẹ̀gbọ́n mi. Ó dákẹ́. Mo gbọ́ bí aago ara ògiri ṣe ń lọ. Lẹ́yìn náà ó dárúkọ àbúrò mi. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ló fi ń fò mí bẹ́ẹ̀. Ohun tí mò ń bẹ̀rù ti dé nìyẹn: láìsí eré, kò rí nǹkan kan sọ nípa mi. Mo sunkún fún dókítà, ó ní bàbá mi ni kí n sọ ọ́ fún. Ẹnu mi kò gbà á. Mo ya ewé kan nínú ìwé mi, mo kọ ọ́ sí i: "Tíṣà, bí n kò bá sáré mọ́, ṣé wàá ṣì máa dárúkọ mi?" Mo ki í sínú Bíbélì rẹ̀.

Ní ọjọ́ Sátidé, ó gbé àga sí pálọ̀, ó gun orí rẹ̀, ó sì ń yọ àwọn férémù náà lọ́kọ̀ọ̀kan títí mẹ́sẹ̀ẹ̀sán fi tán. Ojú ìṣó ṣì wà lára ògiri yẹn di òní. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé, a kúnlẹ̀. Ó dárúkọ ẹ̀gbọ́n mi. Ó dákẹ́ bó ṣe máa ń dákẹ́.

"Olúwa," ó ní, "Bùnmi rèé."

Ó tún un sọ, "Bùnmi rèé," kò sì fi nǹkan kan kún un. Mo sunkún títí ojú mi wú. Ẹsẹ̀ mi kò gbọ̀n.

N kò ní tàn yín, kò sí iṣẹ́ ìyanu kankan níbẹ̀. Oṣù mẹ́jọ sí i ni mo fi wọ́ ẹsẹ̀ kí n tó máa rìn gaaraga. Ẹlòmíràn ló lọ sí Àkúrẹ́. Mo sáré lẹ́ẹ̀kan péré lẹ́yìn náà, lójú ọ̀nà Ìpòtì, láìsí ẹni tó ń wò mí, mo sì dúró níbi tó wù mí. Ìrẹ̀wẹ̀sì náà ti padà wá bá mi lẹ́ẹ̀mejì láti ìgbà yẹn. Mo mọ ìrìn rẹ̀ báyìí, mo sì máa ń tètè lọ rí dókítà.

Nígbà tí Tíṣà darúgbó, àrùn rọpárọsẹ̀ mú un. Ọwọ́ kan, ẹsẹ̀ kan, àti ọ̀rọ̀ ẹnu lọ. Mo kúnlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn rẹ̀ láti gbàdúrà, ohun tí mo fẹ́ tọrọ pọ̀: kó rìn, kó sọ̀rọ̀, kó pẹ́ fún wa. Mo wo ojú rẹ̀, ó ń wò mí bí ẹni tó ti dójú ti ilé. Mo gbé gbogbo ẹ̀bẹ̀ náà mì. Mo ní, "Olúwa, bàbá mi rèé." Omi bọ́ lójú rẹ̀, ó fi ọwọ́ tó ṣẹ́kù di ọwọ́ mi mú. Kò dìde mọ́ títí ó fi lọ.

Bí ọyẹ́ bá mú, ẹsẹ̀ òsì mi ṣì máa ń le díẹ̀ láàárọ̀. N kì í bá a jà mọ́, n kò sì tọrọ nǹkan kan lọ́wọ́ rẹ̀. Màá jókòó sí etí ibùsùn, màá dúpẹ́, màá fọwọ́ kàn án. Ó mọ̀ pé mo fọwọ́ kan òun.