Ẹ̀kọ́ Gíríìsì Lórí Àpò Ẹ̀wà

Ṣọ́ọ̀kì ń dún lára ilẹ̀kùn àtijọ́ tí tíṣà wa fi ṣe pátákó, òórùn ẹja gbígbẹ sì ń wọlé láti ojúde. Obìnrin àgbàlagbà tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ olùkọ́ ni, aládùúgbò wa ní Ẹ̀pẹ́tẹ̀dó. Bí a bá ti ilé-ìwé dé lọ́sàn-án, ọ̀dẹ̀dẹ̀ rẹ̀ ni àwa ọmọ agboolé máa ń kóra jọ sí.

Lọ́jọ́ náà, ó ń sọ bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọmọ ní ilẹ̀ Gíríìsì láyé àtijọ́. Ó ní bí ọmọkùnrin ìlú Áténì bá ń lọ sílé-ìwé, ẹrú á tẹ̀ lé e. Wàláà tí wọ́n fi ìda kùn ni wọ́n ń kọ̀wé sí. Wọ́n ń kọ́ ìwé kíkà, orin àti ìjàkadì. Àwọn ọmọbìnrin ńkọ́? Ó ní ilé ni wọ́n wà, wọ́n ń ran òwú lọ́dọ̀ ìyá wọn. Ibẹ̀ ló parí ẹ̀kọ́ sí lọ́jọ́ náà, ó ní ká máa lọ.

Ìyá mi àgbà, tó ń ta ẹ̀wà ní ọjà Sandgrouse, kò lọ sọ́jà lọ́jọ́ náà, ó sì gbọ́ gbogbo rẹ̀ lójú fèrèsé. Ó rò pé Gíríìsì ni ìlú tí wọ́n ti ń ṣe gírísì tí àwọn mẹkáníìkì ń lò, ó sì gbà pé ọlọ́gbọ́n ni àwọn ará ibẹ̀. Ó ní bí irú wọn bá fi ọmọbìnrin sílé, kí ni èmi ọmọbìnrin ń wá kiri lọ́dọ̀ tíṣà? Láti ọjọ́ kejì, ìsọ̀ ẹ̀wà ni mo ń gbà lọ bí ilé-ìwé bá ti parí, ìdánwò àtiwọ ilé-ìwé girama sì ku oṣù kan péré. Mo sunkún. Tíṣà ni mo bínú sí, n kò bínú sí ìyá àgbà.

Ọ̀sẹ̀ kan kò pé tí tíṣà fi yọ sí ìsọ̀ wa, ìwé ìṣirò lábẹ́ abíyá. Ó kí ìyá àgbà, ó béèrè ọjà, ó wá jókòó lórí àpò ẹ̀wà kan. Ìyá àgbà ní òun ti sọ pé ọmọ òun ò wá mọ́.

"Àlàájà, ẹ̀yin lẹ ní kó má wá sọ́dọ̀ mi. Ẹ ò ní kí n má wá sọ́dọ̀ ẹ̀."

Ó wá yíjú sí mi. "Ẹ̀bi mi ni. Mo sọ ohun tí wọ́n ṣe, mi ò sọ pé kò dáa."

Ojoojúmọ́ ló ń wá lẹ́yìn ìyẹn. Bí oníbàárà bá dé, màá dìde wọn ẹ̀wà, màá sì padà sídìí ìṣirò. Ní ọjọ́ kẹta, ìyá àgbà gba kọ́ńgò lọ́wọ́ mi, ó ń wọn ọjà rẹ̀ fúnra rẹ̀.

Mo yege. Èmi náà ti di olùkọ́ báyìí. Bí ọmọbìnrin kan bá pa ilé-ìwé jẹ fún ọjọ́ mẹ́ta, n kì í ránṣẹ́ pe òbí rẹ̀. Mo máa ń béèrè ibi tí ìsọ̀ wọn wà.