Fíìmù Dírágónì tí Àbúrò Mi Gbé Wá sí Ìfọ̀n

Bí ẹ bá fẹ́ kí a máa ṣe ọ̀rẹ́ lọ, ẹ má ṣe yin fíìmù dírágónì yẹn létí mi. Gbogbo ọ́fíìsì ìjọba ìbílẹ̀ tí mo ti ń ṣiṣẹ́ ní Ìfọ̀n ló ń wò ó: ìdílé ọba kan tó ń pa ara rẹ̀ jẹ nítorí ìtẹ́, tí àwọn ẹranko abìyẹ́ ń tu iná lẹ́nu sórí aráàlú tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀. Inú ìwé Ìfihàn ni mo ti kọ́kọ́ pàdé dírágónì, kò sì sẹ́ni tó ní kí n máa pàtẹ́wọ́ fún un níbẹ̀.

Ọjọ́ Ìsinmi kan ni àbúrò mi ọkùnrin, ọmọ ìyàwó kejì bàbá wa, gbé e wá fún mi nínú fílàṣì. Mo ti múra àtilọ sí Ọ̀wọ̀, nítorí bí mo bá ti kúrò ní ṣọ́ọ̀ṣì, ọ̀dọ̀ bàbá tí àìsàn dá dùbúlẹ̀ ni mo máa ń lọ. Olóyè ni bàbá, èmi obìnrin sì ni àkọ́bí. Nínú agbo ilé wa, ọmọkùnrin àgbà ló ń jókòó sí àga bàbá rẹ̀, ṣùgbọ́n bàbá pe ẹbí jọ, ó fi kọ́kọ́rọ́ ilé lé mi lọ́wọ́. Ó ní, "Ìwọ lo ni ulé yìí. Kẹ́nikẹ́ni má bá ọ du ú."

Àbúrò mi ní kí n má lọ, pé wọ́n tún ti ń jí èèyàn gbé lójú ọ̀nà Ẹlẹ́gbẹ̀ka, bàbá sì ń sinmi. Ojú ọ̀nà yẹn kan náà lòun gbà wá, n kò sì bi í. Kò dọ̀bálẹ̀ kí mi, orí lásán ló mì sí mi, mo rò pé orúnkún ló ń dùn ún. Mo gún iyán fún un, mo fi ẹran ìgbẹ́ sí i. Ó jẹ ẹ́ tán porogodo, ó ní kí n tún bu ọbẹ̀ sí i.

A jókòó ti tẹlifíṣàn. Ọba inú fíìmù náà ti yan ọmọ rẹ̀ obìnrin. Bó ṣe kú báyìí, àwọn ìjòyè tilẹ̀kùn mọ́ òkú, wọ́n fi ọmọ rẹ̀ ọkùnrin jọba kí obìnrin náà tó gbọ́. Inú bí mi débi pé mo ń ṣépè fún tẹlifíṣàn. Mo ní olè ni gbogbo wọn.

Àbúrò mi ń tayín lọ ní tirẹ̀. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, wọn ò jalè. Tí wọ́n bá sọ fún un, ìjà ni yóò dá sílẹ̀. Wọ́n ń tún ìlú ṣe ni."

Mo bú òun náà mọ́ wọn. Ó rẹ́rìn-ín.

Lọ́jọ́ kejì, mo wọ mọ́tò lọ sí Ọ̀wọ̀. Kọ́kọ́rọ́ mi kò ṣí ilẹ̀kùn. Àbúrò bàbá mi obìnrin ló fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan tó sọ òótọ́ fún mi: bàbá ti kú láti ọjọ́ Ẹtì. Nílé wa, a kì í tú ikú olóyè síta títí àwọn àgbà yóò fi ṣètò ẹni tó kàn. Ọjọ́ Àbámẹ́ta ni wọ́n ti fi àbúrò mi jókòó sí àga bàbá. Nígbà tó di ọjọ́ Ìsinmi, wọ́n rán an kó wá dá mi dúró sí Ìfọ̀n, kí wọ́n lè ráyè pààrọ̀ kọ́kọ́rọ́ ilé. Ẹni tí a ní kó fẹ́ni lójú, ata ló fi sẹ́nu. Ẹni tó bá sì ti jókòó sí àga yẹn kì í dọ̀bálẹ̀ fún ẹnikẹ́ni mọ́. Orúnkún tó ń dùn ún nìyẹn.

Nígbà tí wọ́n ṣílẹ̀kùn, mo bá a lórí àga náà ní pálọ̀, àwọn àgbà yí i ká. Wọ́n ní kí n kúnlẹ̀ kí olórí ilé.

Mo kọjú sí àbúrò mi, mo ní, "Bàbá mi wà nínú yìnyín, ìwọ ń ní kí n bu ọbẹ̀ sí i."

Àgbà kan ló dá mi lóhùn pé wọ́n ń tún ilé ṣe ni.

Mo kórìíra wọn lọ́jọ́ náà, mo ṣì kórìíra wọn. Mo kúrò níbẹ̀, mo lọ sí mọ́ṣúárì, mo kúnlẹ̀ lórí sìmẹ́ǹtì tútù fún bàbá mi. Títí di òní, n kò kúnlẹ̀ fún àbúrò mi, òun náà kò sì dọ̀bálẹ̀ fún mi.