Obìnrin Tí Kò Dìde

Bí mo bá ti gbọ́ òórùn ẹja ṣáwá lórí iná, ibi yòówù kí n wà, Awoye ni ọkàn mi ń sáré lọ. Ahéré tí obìnrin tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ ti ń yan ẹja kò ju ìṣísẹ̀ mẹ́wàá lọ sí ẹnu ọ̀nà wa lórí afárá pákó, igi etí omi ló sì fi ń dáná. Èéfín rẹ̀ a gba ojú fèrèsé wọlé, a jókòó sórí ìrọ̀rí, a wọ inú pupuru, oúnjẹ ẹ̀gẹ́ wa, tí ìyàwó mi bò sínú àwo. Ẹ̀yin tí ẹ ti gbé etí òkun rí, ẹ mọ̀ ọ́n: òórùn náà kì í kúrò lára aṣọ, apá ọṣẹ kankan ò sì ká a.

Ọdún tí ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀ ni ọmọ mi obìnrin tó wà ní Èkó fi tẹlifíṣọ̀n ńlá kan ránṣẹ́ sí wa, pẹ̀lú àwo orí òrùlé tó ń gba àwòrán wá. Lọ́jọ́ Sátidé, bí obìnrin yìí bá ti kírun Àsárì tán, a ó tan jẹnẹrétọ̀, àwọn aládùúgbò a sì pé jọ wo eré àwọn Gẹ̀ẹ́sì kan, lórí àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n rú òfin tí ìjọba sì tì wọ́n mọ́lé. Èmi ni ògbufọ̀, nítorí iṣẹ́ tíṣà ni mo ṣe títí mo fi fẹ̀yìn tì. Ohun tó kọ́kọ́ ya àwọn èèyàn wa lẹ́nu ni pé ọmọ òyìnbó náà ń jalè.

"Kí ni wọn ò ní lọ́hùn-ún tí wọ́n ń jí?" ni ìyàwó mi bi mí.

"Fóònù ni."

"Fóònù kẹ̀? Òyìnbó Bàbá yìí ti dípẹtà. Ẹ tún etí yín ṣe, ẹ gbọ́ ọ dáadáa."

Obìnrin náà kì í bá wa rẹ́rìn-ín. Ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn ló ń jókòó sí, ó ní òun ò fẹ́ fi òórùn ẹja ba àga wa jẹ́. Gbogbo wa la mọ ohun tó wà nínú rẹ̀. Ní oṣù mẹ́jọ ṣáájú, ọmọ kan ṣoṣo tó bí, ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún, bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan tú ẹ́ńjìnnì lẹ́yìn ọkọ̀ apẹja kan, wọ́n sì tà á. Ilé ẹjọ́ ní kí wọ́n mú un lọ sí ilé tí ìjọba ń ti irú wọn mọ́, ní ìlú kan lókè. Lọ́jọ́ tí ọkọ̀ gbé ọmọ náà kọjá níwájú ilé wa, ìyá rẹ̀ dúró lórí afárá, ó sì sọ ọ́ kí tẹrú-tọmọ gbọ́, "Ẹni tó ń lọ yẹn, mi ò mọ̀ ọ́n rí." Láti ọjọ́ náà, kò sẹ́ni tó dá orúkọ ọmọ náà níṣojú rẹ̀ mọ́.

Ní Sátidé àkọ́kọ́, ó pè mí. "Tíṣà, kí lẹ pe ibẹ̀ yẹn?"

"Ẹ̀wọ̀n àwọn ọmọdé ni."

"Ẹ̀wọ̀n dà? Ẹsẹ̀ wọn ṣófo."

Ẹ̀rín sọ nínú ilé, èmi náà sì rẹ́rìn-ín. Mo ṣàlàyé fún un pé ilẹ̀kùn àti kọ́kọ́rọ́ ni ẹ̀wọ̀n ayé ìsinsìnyí, pé wọn kì í fi irin de ọmọ lẹ́sẹ̀ mọ́. Mo rí i tó mí kanlẹ̀. Ó pẹ́ kó tó yé mi pé oṣù mẹ́jọ gbáko ni obìnrin yìí fi ń sùn, tó ń jí, tó sì ń rí irin lọ́rùn ẹsẹ̀ ọmọ rẹ̀. Àwọn àgbà ló fi ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ fún wa, òun ni ọ̀rọ̀ náà wá dè.

Ní Sátidé kẹta, ìyá ọ̀kan nínú àwọn ọmọ inú eré náà wá wò ó. Ó jókòó sídìí tábìlì pẹ̀lú ẹ̀wù òtútù gbọ̀rọ̀gbọ̀rọ̀ lọ́rùn. Wọ́dà lọ pe ọmọ, ó padà wá lóun nìkan, ó sì sọ fún ìyá náà pé ọmọ ní òun ò fẹ́ rí i. Mo wo ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn, àánú ṣe mí. Mo túmọ̀ rẹ̀ fún wọn pé, "Wọ́dà ní ara ọmọ náà ò yá."

Obìnrin náà ní, "Ẹ má bínú o, Tíṣà, irọ́ lẹ pa. Ìyá tí wọ́n sọ fún pé ara ọmọ rẹ̀ ò yá á fò dìde ni. Tibí yìí jókòó. Kí ni wọ́n sọ fún un gan-an?"

Mo sọ ọ́ bó ṣe rí. Ó tún bi mí.

"Wọ́n á jẹ́ kí ìyá wá? Nílẹ̀ wa níbí náà?"

"Níbí náà."

Ó dìde, ó lọ sídìí ẹja rẹ̀. Ojú tí ìyàwó mi fi wò mí lálẹ́ ọjọ́ náà, ẹ jẹ́ kí n fi í sílẹ̀.

Ní Sátidé tó tẹ̀lé e, afẹ́mọ́jú ló ti dúró létí àtẹ̀gùn wa. "Tíṣà, ẹ bá mi lọ. Bí wọ́n bá sọ òyìnbó, ẹ má bá mi dín in kù." Aṣọ tuntun ló wọ̀. Ó ní ẹ̀ẹ̀mẹta lòun wẹ̀, kí òórùn ẹja má baà dójú ti ọmọ òun. A wọkọ̀ ojú omi dé Igbókòdá, a wọ mọ́tò. Nígbà tí a débẹ̀, wọn ò sọ òyìnbó kankan. Wọ́dà lọ pe ọmọ, òun nìkan ló padà wá, ó sì fi Yorùbá tó já geere sọ fún wa pé, "Màmá, ó ní òun ò mọ̀ yín rí."

Ọ̀rọ̀ tó sọ lórí afárá ló padà wá bá a. Mo rò pé yóò ṣubú. Kò ṣubú, kò sì dìde. Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì títí tí wọ́n fi ní àkókò ti tó. Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀lé e, bákan náà ló rí.

Ní ìgbà kẹta, ọkọ̀ fẹ́ lọ nígbà tí ẹja ṣì wà lórí iná. Ó kó ẹja kúrò, kò rí àyè wẹ̀, aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ ló wọ̀ bọ́ sínú ọkọ̀. Nínú mọ́tò, ọkùnrin kan sọ fèrèsé kalẹ̀. "Màmá, ẹja yín yìí mà ń bá wa jà o."

"Kò sẹ́ja níbí," ló wí. "Èmi ni."

A débẹ̀, a jókòó. Kí wọ́dà tó lọ pe ọmọ, ọmọ fúnra rẹ̀ ti dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn, ìgbálẹ̀ lọ́wọ́. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ ló ń gbá.

"Yèyé," ló wí, "mo gbọ́ òórùn yín."

Ẹsẹ̀ rẹ̀ ni ìyá rẹ̀ kọ́kọ́ wò. Lẹ́yìn náà ló gbójú sókè. "O ti rù. Jókòó."

Mo bọ́ síta fún wọn. Láti kékeré ni mo ti ń sọ pé a gbọ́ òórùn, n kò bi ara mi rí ohun tí etí ń wá nídìí imú. Wọ́n pe ọmọ yìí lórúkọ lẹ́ẹ̀mejì, kò gbọ́. Ohun tí ìyá rẹ̀ ń fọ̀ dànù ló gbọ́.

Ọmọ náà ti wà nílé báyìí, ó ń dẹ àwọ̀n. Àwọn kan ṣì ń gbé ẹ́ńjìnnì wọn wọlé bó bá ń kọjá. Ó ń rí wọn, ó sì ń kí wọn. Èmi tí mo rò pé iṣẹ́ ògbufọ̀ ni láti mú ọ̀rọ̀ rọ̀ kó má baà dun èèyàn, mo ti mọ̀ pé òtítọ́ tí mo fẹ́ gbé mì lọ́jọ́ náà ló fi ọ̀nà han obìnrin yìí.

Ó bi mí lọ́jọ́ kan, níbi tó ti ń to ṣáwá sórí iná, bóyá ọmọ òyìnbó yẹn padà jáde sí ìyá rẹ̀. Mo ní n kò mọ̀, pé ojú ọ̀nà la wà ní gbogbo Sátidé tí wọ́n fi parí eré náà.

"Bí ìyá yẹn bá ń lọ wò ó, ọmọ á jáde."

"Bí kò bá jáde ńkọ́?"

Ó yí ẹja kan padà, ó fẹ́ eérú kúrò lára rẹ̀.

"Kó jókòó."