Ìrù Téèpù Ọkọ Mi

Ọgbọ̀n ọdún ni ọkọ mi fi tọ́jú téèpù nílé iṣẹ́ tẹlifíṣàn. Iṣẹ́ rẹ̀ ni pé kó kó téèpù ìròyìn àná sílẹ̀, kí wọ́n gba ti òní lé e. Ṣùgbọ́n bí ti òní bá kúrú, ìrù ti àná á ṣẹ́kù. Ohun tó ṣẹ́kù yìí ló ń kó jọ: akàròyìn tó ń fẹsẹ̀ wá bàtà lábẹ́ tábìlì, òṣèlú tó ń fahọ́n wá ẹran nínú eyín. Ó ń so wọ́n pọ̀ ní pálọ̀ wa, láìsí orin, láìsí àlàyé.

Àwọn ará ibi iṣẹ́ rẹ̀ á ní, “Bàbá Ìrù, orí ẹran dà?”

Á ní, “Ẹ̀yin kọ́ lẹ jẹ ẹ́?”

Ìwé mẹ́ta péré ni mo kà nílé ẹ̀kọ́, ṣùgbọ́n ó yé mi. Ibi tí wọ́n ti ṣíwọ́ irọ́ ni ojú èèyàn ti ń yọ.

Ọdún mọ́kànlá ló fi so wákàtí kan pọ̀ sórí téèpù kan. Nígbà tó parí, ó ṣẹ́ eyín kékeré ẹ̀yìn téèpù náà, kí ẹ̀rọ má lè gba nǹkan mìíràn lé e. Kò pẹ́ sígbà náà ló kú.

Lẹ́yìn ìsìnkú, àbúrò rẹ̀ gbé fídíò ìsìnkú náà wá kí a jọ wò ó. Mo rí bébà tó fi dí ihò eyín, kí ẹ̀rọ lè tún gba nǹkan lé e.

“Ọkọ mi, níbo lẹ ti rí téèpù yìí?”

“Yàrá ẹ̀gbọ́n mi ni, ìyàwó wa. Kò sí nǹkan gidi níbẹ̀. Àwọn kan ṣáà ń yán ni.”

“Ẹ wò ó, ẹ sì pa á rẹ́?”

“Ṣé ìdọ̀tí ló wá ju òkú ẹ̀gbọ́n mi lọ?”

“Òkú ti wọlẹ̀. Èyí tó kù lókè ilẹ̀ lẹ tún bu yẹ̀pẹ̀ lé!”

Ẹ̀gbọ́n wọn obìnrin, tó bá wa jókòó, ní kí n rọra, ìbànújẹ́ ló ń sọ̀rọ̀. Irọ́ ni. Ìbínú ni. Mo mọ àwọn méjèèjì lọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Ìsìnkú parí lórí ẹ̀rọ. Ojú ẹ̀rọ ṣẹ́jú fìrí, akàròyìn sì yọ, ó ń wá bàtà rẹ̀. Ìṣẹ́jú mẹ́sàn-án ló ṣẹ́kù nínú iṣẹ́ ọkọ mi. Àbúrò ọkọ mi nawọ́ kó pa ẹ̀rọ.

“Ẹ má fọwọ́ kàn án!”

Nígbà tó tán, mo yọ téèpù náà, mo sì fi èékánná ya bébà rẹ̀ kúrò.

Àbúrò ọkọ mi ní, “Ẹbí tó kù ò tíì wò ó.”

“Kí wọ́n wá wò ó níbí. Ẹni tó bá wo ìsìnkú á jókòó dé ìrù.”