Ọjọ́ Tí Bàbá Họ́ńgárì Kú Lẹ́nu Ọ̀nà Wa

Ọjọ́ tí àbúrò mi, Káyọ̀dé, dé sí Houston láti Ìbàdàn kò ní kúrò lọ́kàn mi láéláé.

Àkókò tí iṣẹ́ epo rọ̀bì dẹnu kọlẹ̀ níbẹ̀ ni. Òṣèré àgbàlagbà kan láti Họ́ńgárì ló ń gbé ẹ̀gbẹ́ wa ní àdúgbò Sharpstown. Láti ìlú wọn títí dé Amẹ́ríkà, iṣẹ́ wọn nínú eré àti fíìmù ni kí wọ́n máa kú.

Bí Káyọ̀dé ṣe rí irun funfun wọn lẹ́nu ọ̀nà, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Bàbá rò pé eré ló ń ṣe.

Wọ́n ní, "Ó dára, àmọ́ o yára kú jù!" Wọ́n gbá àyà mú, wọ́n ta gbọ̀n-ọ́n-gbọ̀n-ọ́n, wọ́n sì ṣubú lé e lórí.

Ìyàwó mi sáré jáde. "Yéè! Wọ́n ti yìnbọn pa ọkọ mi kékeré! Wọ́n pa Bàbá náà! Kí ni mo fẹ́ sọ fún Màmá?" Ó bú sẹ́kún.

Ó pẹ́ kí Bàbá tó lajú. Omijé ti kún ojú wọn. "Láti ìgbà tí mo ti ń kú, kò sẹ́ni tó sunkún mi rí."

Inú bí ìyàwó mi gan-an. Síbẹ̀, títí dòní, bí Bàbá bá ti kanlẹ̀kùn ní Sátidé, á dín iná ìrẹsì kù, á ní: "Bàbá, ẹ tètè kú, kí n sunkún yín, ká lè jẹun."