Egungun Wẹ́wẹ́ Lábẹ́ Àtàǹpàkò Ẹsẹ̀ Mi

Ilẹ̀ tútù ilé ìwẹ̀ wa ní Thamesmead, nílùú òyìnbó, ni mo ti kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n lára. Mo gbé ẹsẹ̀ ọ̀tún kalẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ kan, ó dà bí ẹni pé mo tẹ òkúta ṣóńṣó mọ́lẹ̀. Mo gbé ẹsẹ̀, mo wo ilẹ̀, mi ò rí nǹkan kan. Mo tún un gbé kalẹ̀, òkúta náà ṣì wà níbẹ̀, lábẹ́ ìdí àtàǹpàkò gan-an, níbi tí èèyàn máa ń fi ti ara rẹ̀ síwájú bó bá ń rìn. Mo fi òróró ra á, mo wọ bàtà, mo sáré lọ bá bọ́ọ̀sì. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni mí nígbà náà, mo sì gbà tọkàntọkàn pé kò sí àìsàn tí òróró àti eré sísá kò lè wò.

Ọ̀dọ̀ àbúrò màmá mi ni mò ń gbé, obìnrin kan tó ń ránṣọ nínú ilé, tó sì jẹ́ àgbà nínú ìjọ aláṣọ funfun. Auntie ni mò ń pè é. Òun ló bá mi wá iṣẹ́ sí ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó kan tí kò jìnnà sí Thamesmead Town Centre. Iṣẹ́ náà kì í ṣe ti ọ̀lẹ. A ó wẹ àwọn arúgbó, a ó gbé wọn kúrò lórí bẹ́ẹ̀dì bọ́ sórí àga, a ó máa lọ, a ó máa bọ̀, láti àárọ̀ títí ọ̀sán fi máa pọ́n. Bí mo bá kúrò níbẹ̀, Woolwich ni mò ń gbà lọ, níbi tí mo ti ń gba ẹ̀kọ́ kí n lè wọ ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì. Nítorí ìyẹn gan-an ni mo ṣe kúrò nílé. Àyè ti wà fún mi fún oṣù kẹsàn-án. Ohun méjì péré ló kù: kí matron ilé ìtọ́jú wa kọ̀wé pé ẹni tó ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé ni mí, kí dókítà sì jẹ́rìí pé ara mi le.

Ìdí nìyí tí mo fi fi ẹsẹ̀ náà pamọ́. Mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni. Lọ́jọ́ iṣẹ́, mo ń wọ bàtà pẹlẹbẹ tí ìsàlẹ̀ rẹ̀ ti jẹ tán. Bí mo bá ń lọ sí ẹ̀kọ́, mo ń wọ bàtà gogoro kan tí mo rà ní ọjà Woolwich, tó kéré sí mi lẹ́sẹ̀, torí mo fẹ́ jọ ẹni tó ti di nọ́ọ̀sì kí n tó dì í. Tó bá sì di ọjọ́ Ìsinmi, mo ń fi ẹsẹ̀ lásán fò sókè lórí sìmẹ́ńtì gbọ̀ngàn tí a ti ń jọ́sìn, bí a ti máa ń ṣe nínú ìjọ wa. Tí ẹnì kan bá sọ fún mi nígbà yẹn pé èmi fúnra mi ni mò ń fọ́ ẹsẹ̀ mi, ǹ bá rẹ́rìn-ín.

Ẹni àkọ́kọ́ tó rí mi ni bàbá òyìnbó kan nínú ilé ìtọ́jú náà. Ó ti ṣe ológun rí, ó sì ti gbé ní bárékè tó dojú kọ Woolwich Common fún ọdún gbọọrọ. Ara rẹ̀ ti di hẹ́gẹhẹ̀gẹ, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ dá ṣáká.

“Ẹsẹ̀ wo ni?” ló bi mí níjọ́ kan tí mò ń tẹ́ bẹ́ẹ̀dì rẹ̀.

“Kò sí nǹkan kan, sir. Bàtà tuntun ló ń há mi.”

“Bàtà tuntun kì í ṣe tuntun fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ẹ̀gbẹ́ ẹsẹ̀ lo fi ń rìn. Mo ti rí àwọn ọmọkùnrin tó le jù ọ́ lọ tí wọ́n ń ṣe bẹ́ẹ̀ tí wọ́n ṣì ń yan lọ. Wọn ò pẹ́ kí wọ́n tó ṣubú. Lọ rí dókítà.”

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, mo sì jáde. Mo tiẹ̀ bínú sí i díẹ̀. Àwọn àgbà wa ní igi gogoro má gùn mí lójú, òkèèrè la ti ń wò ó. Èmi rí igi náà, mo sì rọra dijú.

Kò ju ọjọ́ mélòó kan lọ lẹ́yìn ìyẹn tí mo fẹ́ gbé bàbá náà kúrò lórí àga. Ó fi ọwọ́ kọ́ mi lọ́rùn, mo ti ara mi sókè lórí àtàǹpàkò, ni nǹkan kan bá dún kẹ́ lábẹ́ ẹsẹ̀ mi. Orúnkún mi yẹ̀. Àwa méjèèjì fì sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ọpẹ́lọpẹ́ irin bẹ́ẹ̀dì tí bàbá náà dì mú, ilẹ̀ ni ì bá bá ara rẹ̀. Apá rẹ̀ bó, ẹ̀jẹ̀ sì ń jáde. Matron gbọ́ ariwo, ó sì wọlé.

“Kí ló ṣẹlẹ̀ níbí?”

Kí n tó la ẹnu, bàbá náà ti dáhùn. “Èmi ni mo yọ̀. Ọmọbìnrin yìí ló gbà mí.”

Matron wo mí. Mo rántí pé mo wo ilẹ̀. Ojú ọ̀nà tó tẹ́jú ni bàbá yẹn là fún mi, oṣù kẹsàn-án sì wà lópin rẹ̀. Ṣùgbọ́n mo rí ẹ̀jẹ̀ tó wà ní apá rẹ̀, mo sì ro bí ì bá ti rí ká ní orí ló fi gbá irin. Òtítọ́ kì í ṣìnà, irọ́ níí forí gbọgbẹ́. Tèmi ti fẹ́ fi orí ẹlòmíì gbọgbẹ́.

“Irọ́ ni, Matron,” ni mo wí. “Èmi ni. Ẹsẹ̀ mi ti ń dùn mí fún oṣù kan, mi ò sọ.”

Ó fa àga kan sún mọ́ mi. Lẹ́yìn náà ló ní kí n jókòó, ó di apá bàbá náà, ó sì ní mi ò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan arúgbó kankan mọ́ títí dókítà yóò fi wò mí. Mo sunkún nínú bọ́ọ̀sì títí mo fi délé.

Ní ilé ìwòsàn, wọ́n ya fọ́tò egungun ẹsẹ̀ mi. Lẹ́yìn náà wọ́n tún ya èyí tí kò dùn mí. Mo rò pé wọ́n ṣìṣe, mo sì sọ bẹ́ẹ̀. Dókítà rẹ́rìn-ín. Ó ní egungun kéékèèké méjì wà lábẹ́ ìdí àtàǹpàkò ẹsẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan kò ju ẹ̀wà lọ. Inú iṣan ni wọ́n ń gbé, wọn kò so mọ́ egungun mìíràn bí àwọn tó kù. Àwọn ló ń jẹ́ kí iṣan náà fà dáadáa, àwọn ló sì ń ru ẹrù ara bí a bá ń rìn. Ó ní egungun róbótó tó bo orúnkún náà jẹ́ irú wọn, òun ni ẹ̀gbọ́n wọn, òun náà sì máa ń fọ́ bí èèyàn bá fi orúnkún ṣubú. Orúkọ hóró kékeré kan tí wọ́n ń dà sórí búrẹ́dì ni wọ́n fi sọ wọ́n. Nígbà tó júwe hóró náà tán, mo rí i pé yànmọ̀tí ló ń sọ. Ó ní àwọn kan wà tí tiwọn ti là sí méjì láti ìgbà tí wọ́n ti bí wọn, ìdí nìyẹn tó fi ní kí wọ́n ya ẹsẹ̀ kejì. Tẹsẹ̀ kejì wà ní odidi. Tọ̀tún ló ti fọ́.

“Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà,” ló wí. “Bàtà líle lo máa wọ̀. Bí o bá ń rìn lé e lórí, ó lè di pé ká yọ egungun náà, àtàǹpàkò rẹ ò sì ní lágbára bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́.”

Ojú tí Auntie fi wo ọ̀rọ̀ náà yàtọ̀. “Ọfà ni,” ló ń wí. “Wọ́n ti rí i pé ọmọ yìí fẹ́ di nọ́ọ̀sì. Ọjọ́ méje lo máa fi wá sí ilé àdúrà, ẹsẹ̀ lásán.”

Mo kúnlẹ̀ pẹ̀lú orúnkún kan. “Auntie, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Mo máa gba àdúrà ọjọ́ méjèèje. Ṣùgbọ́n orí àga ni mo ti máa gbà á.”

Ọjọ́ méjì ni kò fi bá mi sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo padà lọ rí dókítà, òun ló sìn mí. Wọ́n gbé fọ́tò náà sójú iná, ó sún mọ́ ọn, ó sì fi ìka tọ́ka sí ilà tẹ́ẹ́rẹ́ kan.

“Ṣé ibi tó là nìyí?”

“Òun ni, Auntie.”

“Ó kéré o.” Ó mí kanlẹ̀. “Tóò. A ó tọ́jú ẹ.”

Láti ọjọ́ yẹn, ó ń gbọ́wọ́ lé bàtà líle náà láràárọ̀, ó ń gbàdúrà, kò sì dárúkọ ọfà mọ́. Nígbà tó yá, ó gé aṣọ tó nípọn, ó ràn án ní ìlọ́po mẹ́ta, ó dá ihò sí i níbi tí egungun náà wà kí ẹrù ara má baà bọ́ sórí rẹ̀. Nínú gbogbo bàtà tí mo wọ̀ fún ọdún kan lẹ́yìn náà, iṣẹ́ ọwọ́ Auntie ló wà nínú wọn.

Oṣù kẹsàn-án dé, ó kọjá. Dókítà kò lè jẹ́rìí, torí egungun náà kò tíì jinná, ilé ẹ̀kọ́ sì ní kí n padà wá lọ́dún tó ń bọ̀. Mo ka lẹ́tà náà lẹ́ẹ̀mejì, mo kó ìwé mi jáde, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í kà á láti ojú ewé àkọ́kọ́. Ẹ̀kọ́ Woolwich, mi ò pa á jẹ. Mo ń fi ọ̀pá wọ bọ́ọ̀sì, mo ń fi ọ̀pá sọ̀ kalẹ̀.

Nígbà tí Matron gbà mí padà, bàbá ológun yẹn ló kọ́kọ́ pè mí. Ó ní kí n wá máa bá òun rìn ní kọ́ríidọ̀. Òun á di irin ìrìn rẹ̀ mú, èmi á máa tẹ̀ lé e, òun á máa pariwo, “Òsì! Ọ̀tún! Gbé gìgísẹ̀! Ta ní ń sáré níbẹ̀ yẹn?” Mi ò mọ ẹni tó ń tọ́jú ẹnì kejì nínú àwa méjèèjì.

Lọ́dún kejì, Matron pè mí sí ọ́fíìsì rẹ̀. Ó gbé ìwé tó fẹ́ fi ránṣẹ́ sí ilé ẹ̀kọ́ fún mi, ó ní kí n kà á kí òun tó lẹ̀ ẹ́. Kò gùn. Ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé mo ti fi àìsàn pamọ́ rí, arúgbó kan sì fara pa nítorí rẹ̀. Gbólóhùn tó tẹ̀ lé e sọ pé nígbà tí ẹlòmíì ti gba ẹ̀bi náà kúrò lọ́rùn mi, èmi ni mo tún un gbé, àti pé òun yóò fi ìyá òun síkàáwọ́ mi láìbẹ̀rù. Wọ́n gbà mí.

Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún. Mo ti ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì títí mo fi fẹ̀yìn tì, ẹsẹ̀ méjèèjì ni mo sì fi ṣe é. Nígbà mìíràn, mo máa ń ronú nípa ọmọbìnrin tí mo jẹ́ nígbà yẹn, tó gbà pé ìpinnu ni kéèyàn máa fi ẹsẹ̀ tó ń dùn tẹ ilẹ̀ láìjẹ́ kó hàn lójú. Mi ò bá a wí. Ohun tó mọ̀ ló ń ṣe. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo ohun tí mo ti fi agbára ṣe láyé, kò tíì sí èyí tó gbà mí lágbára tó ọ̀sẹ̀ mẹ́fà tí mo fi jókòó sójú fèrèsé ní Thamesmead, tí mò ń wo àwọn ẹgbẹ́ mi tí wọ́n ń lọ síbi iṣẹ́, tí mi ò sì dìde bá wọn lọ.