Akọrin Obhur àti Ìrun Àìlà

Òórùn òkun, ti tùràrí àti ti atalẹ̀ tí wọ́n ń bọ̀ ló jọ pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà ilé náà ní Obhur, ní ìhà àríwá Jẹ́dà, níbi tí ilé kọ̀ọ̀kan ti ní ògiri gíga tirẹ̀, tí èèyàn kò sì lè fẹsẹ̀ rìn lọ ra búrẹ́dì. Òkun wà lẹ́yìn ògiri, tùràrí ń rú nínú pálọ̀, atalẹ̀ sì ń hó lórí iná. Títí di òní, bí mo bá gbọ́ òórùn atalẹ̀ gbígbóná níbikíbi, obìnrin Gẹ̀ẹ́sì kan tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, tó fi ọwọ́ méjèèjì di ife mú, ló máa ń wá sí mi lọ́kàn. Ìbéèrè kan ṣoṣo ni mo béèrè tó fẹ́rẹ̀ẹ́ ba ti obìnrin yẹn jẹ́. Ìwọ tí a jọ ń ṣe iṣẹ́ yìí ni mo sì lè sọ ọ́ fún, nítorí o mọ̀ pé ìbéèrè ni ọkọ́ àti àdá wa.

Kì í ṣe tìtorí orin ni mo ṣe lọ sí Jẹ́dà. Ìròyìn nípa àwọn Yorùbá tó wà ní Ghulail ni wọ́n rán mi lọ kọ. Àdúgbò tó há gádígádí ni, níbi tí àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ àwọn tó bá Hájì lọ tí wọn ò padà wálé ń gbé. Níbẹ̀ ni mo ti pàdé Àlàájà. Ó ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Ilẹ̀ Sáúdì ni wọ́n bí i sí, ṣùgbọ́n Yorùbá tí ìyá rẹ̀ gbé wá láti Ìwó ṣì wà lẹ́nu rẹ̀ gbọnyin. Bó bá bá ọmọbìnrin rẹ̀ sọ Yorùbá, Lárúbáwá lọmọ náà fi ń dá a lóhùn, ọ̀rọ̀ wọn sì ń yé ara wọn. Mo ti bi í ní gbogbo ìbéèrè mi nípa ìkámà, ìyẹn ìwé ìgbélùú, mo ti ń pa ìwé mi dé, nígbà tó wò mí lókè wò mí nílẹ̀.

"Gbogbo yín, ọ̀rọ̀ ìkámà nìkan lẹ máa ń wá bi wá. O ò bi mí níṣẹ́ tí mò ń ṣe."

"Ẹ má bínú, mà. Iṣẹ́ wo lẹ ń ṣe?"

"Mò ń bá òyìnbó kan tọ́jú ilé ní Obhur. Ó ń kọrin nínú ópẹ́rà tẹ́lẹ̀, eré tí wọ́n ń fi orin ṣe. Wọn ò fẹ́ ẹ rí níbẹ̀."

Gbólóhùn tó kẹ́yìn yẹn ló gbé mi dé Obhur lọ́jọ́ kejì.

Mẹ́sò ni wọ́n ń pe irú ohùn tí ìyá òyìnbó náà ní: ohùn obìnrin tó wà láàárín, tí kò ga fíofío bí ti àwọn tó máa ń ṣe ìyàwó nínú eré, tí kò sì sọ̀ kalẹ̀ dé ti ọkùnrin. "Ohùn mi ló yan ipò fún mi," ló wí. "Mo ṣe ìyá ìyàwó, mo ṣe ọmọ ọ̀dọ̀ ìyàwó, mo ṣe àjẹ́ títí àjẹ́ fi sú mi. Nígbà tí mo ṣì pẹ́lẹ́ńgẹ́, ọmọkùnrin ni wọ́n ń fi mí ṣe, tàwọn ti ṣòkòtò àti idà." Mo bi í bóyá kò dùn ún pé kò ṣe ìyàwó rí. Ó rẹ́rìn-ín. "Àwọn ìyàwó ló máa ń kú níkẹyìn. Èmi ni mo máa ń ṣẹ́kù tí mo máa ń da aṣọ bò wọ́n." Àlàájà ń nu tábìlì lọ́wọ́. Gẹ̀ẹ́sì tó ń gbọ́ pọ̀ ju èyí tó ń sọ lọ, ló bá dá sí i ní Yorùbá: "Ọgbọ̀n ọdún lẹ́nu iṣẹ́! Wọn ò fẹ́ ẹ, wọn ò sì jẹ́ kó kú. Irú iṣẹ́ wo nìyẹn?" Nígbà tí mo túmọ̀ rẹ̀ fún ìyá náà, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ da omi atalẹ̀ sílẹ̀.

Ó sọ bó ṣe bẹ̀rẹ̀ fún mi. Láàárín akọrin ṣọ́ọ̀ṣì kékeré kan ni, ní ìlú kan tí òjò kì í dá. Ọdún mẹ́rin ló fi dúró ní ìlà ẹ̀yìn láàárín àwọn elégbè kí wọ́n tó fún un ní gbólóhùn kan ṣoṣo láti dá kọ: "Oúnjẹ ti délẹ̀, ọ̀gá." Oṣù mẹ́ta ló fi múra rẹ̀. Lẹ́yìn èyí, ọ̀nà là. Ó kọrin káàkiri ìlú àwọn òyìnbó, ṣùgbọ́n kì í ṣe ópẹ́rà ló fẹ́ràn jù, kọ́nsáàtì ni, níbi tí akọrin ti máa dúró ní ojú kan nínú aṣọ ara rẹ̀, tí kò ní idà, tí kò ní ìgbálẹ̀ àjẹ́, tí ohùn nìkan máa jẹ́rìí fún un. Ọkọ rẹ̀, ẹnjiníà tó ń sọ omi òkun di omi mímu, ló mú un wá sí Jẹ́dà. Ọkọ náà kú síbẹ̀. Ìyàwó dúró, ó ń kọ́ àwọn ọmọbìnrin ìlú náà lórin, ṣùgbọ́n ọdún mẹ́fà rèé tí kò tíì dúró níwájú ẹgbẹ́ olórin kankan. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ wá pè é fún kọ́nsáàtì kan ní gbọ̀ngàn ńlá kan nínú ìlú, orin mẹ́rin péré.

"Èyí ló kẹ́yìn," ló wí fún mi. "Ọjọ́ tí ọkọ mi kú ni mo pa ẹnu dé, n kò sì dágbére fún orin. Mo fẹ́ dúró lórí ẹsẹ̀ mi dágbére fún un."

Mo kọ ọ́ sílẹ̀ bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́. Mo ní kó jẹ́ kí n wá wo ìdánrawò. Ó ní kí n máa bọ̀.

Gbọ̀ngàn náà tutù bí inú fìríìjì, ó ń rùn bíi kápẹ́ẹ̀tì tuntun. Olùdarí orin kò tíì dé láti ìlú òkèèrè. Onídùùrù kan ló wà níbẹ̀, pẹ̀lú bí ogójì èèyàn tó ń gbe orin, tí gbogbo wọn ń fi agbára kọ ọ́. Ìyá náà dúró láàárín, ó wọ súwẹ́tà, ó gbé ìwé orin dání. Nígbà tó kàn án, mo nà síwájú lórí ìjókòó mi. Ọ̀rẹ́ mi, n kò gbọ́ nǹkan kan tó ṣeé pè ní ohùn. Ó ń kùn bí ẹni tó ń rẹ ọmọ sùn. Níbi tó yẹ kí orin gòkè, ìka rẹ̀ nìkan ló ń gòkè, ohùn kò bá a lọ. Níbòmíràn, ètè lásán ló ń mì. Àánú rẹ̀ ṣe mí. Mo sọ lọ́kàn ara mi pé ọdún mẹ́fà ti jẹ ohùn yìí tán, kò sì sí ọ̀rẹ́ tó lè sọ fún un.

Ọkùnrin tó ń ṣètò kọ́nsáàtì náà jókòó sí ìjókòó kejì sí mi, ó ń fa tẹ̀súbáà rẹ̀. Oníṣòwò ni, ọmọ Jẹ́dà, olóyàyà, ṣùgbọ́n orin kì í ṣe iṣẹ́ rẹ̀. Mo yíjú sí i, mo sì bi í gẹ́gẹ́ bí oníròyìn: "Ọ̀gá, ẹ ò rò pé ọjọ́ orí ti mú ohùn wọn lọ?"

Tẹ̀súbáà dúró. Ó ní, "Ìwọ náà gbọ́ ọ bẹ́ẹ̀?"

Mo mi orí. Mo rò pé mo ti bi í ní ìbéèrè tó múná. N kò mọ̀ pé ọkùnrin náà ti ń bẹ̀rù láti ìbẹ̀rẹ̀, pé ẹlẹ́rìí kejì ló ń wá, àti pé èmi ni ẹlẹ́rìí náà.

Lọ́jọ́ kejì, mo sọ fún Àlàájà, mo sì gba Mẹ́kà lọ fún Ùmúrà. Mo ṣe é parí, wọ́n fá orí mi, mo sì kírun Àìlà ní Mọ́sálásí Ńlá láàárín èrò tí ojú kò lè kó tán. Bí mo ti ń jáde ni fóònù mi dún. Àlàájà ni. Ó ti wà lẹ́nu géètì, òun náà ṣẹ̀ṣẹ̀ kírun tán ni, ọmọbìnrin rẹ̀ ló fi mọ́tò gbé e wá láti Jẹ́dà. Kò kí mi kú Ùmúrà. Ó wo orí mi tó ń dán.

"Orí ti dán, ọgbọ́n ò tíì wọlé. Kí lo sọ fún ọkùnrin yẹn?"

Mo sọ fún un. Ó pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan. Ó ní ọkùnrin náà ti pe ìyá òyìnbó láàárọ̀ pé òun fẹ́ gbé orin rẹ̀ fún ọmọdébìnrin kan láti òkèèrè, pé oníròyìn kan tó ti rí ayé sọ pé ohùn rẹ̀ ti lọ. Ọjọ́ kejì ni kọ́nsáàtì.

"Àlàájà, mo gbọ́ ọ pẹ̀lú etí mi ni. Kò sí ohùn níbẹ̀."

"Ìrun tá a kí tán yìí," ló wí, "sórà wo ni lèmọ́mù ké lẹ́yìn Fáátíhà?"

"Ta ló máa gbọ́ ọ? Ìrun Àìlà ni, wọn kì í ké e síta."

"Ṣé kò kéwú ni?"

Ọmọbìnrin rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín sínú ìbòrí rẹ̀.

"Ìrun Àìlà lo lọ gbọ́ nínú gbọ̀ngàn yẹn. O ò dúró de Màgàríbì, o ti dìde, o ní lèmọ́mù yadi." Ó wá ṣàlàyé fún mi bó ṣe rí i láti ọdún mẹ́fà. Ó ní àwọn akọrin bẹ́ẹ̀ kì í ná ohùn wọn nínú ìdánrawò, wọ́n máa ń kùn ún wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ ni, wọ́n á fi ìka mọ ibi gíga, wọ́n á tọ́jú èyí tó pọ̀ de ọjọ́ tí èèyàn máa péjọ. Nínú ilé, bẹ́ẹ̀ náà ni ìyá òyìnbó ń ṣe. Ìgbà tó bá dá wa mọ́tò rẹ̀ létí òkun nìkan, tó gbé gíláàsì fèrèsé sókè, ló máa ń tú u sílẹ̀. "Lọ́jọ́ kan, ó gbàgbé pé mo wà lẹ́yìn, mo ń to ọjà. Gíláàsì gbọ̀n. Ìdí ìjókòó mi gbọ̀n. Mo ní *Subuhánallọ̀*."

"Kí ló dé tẹ́ ò sọ fún mi?"

"Ṣé o bi mí?"

A jọ padà sí Jẹ́dà lójú ẹsẹ̀. Lójú ọ̀nà, mo ń rántí pé mo ti bi akọrin, mo ti bi ẹni tó ń ṣètò, ẹni kan ṣoṣo tó ń bá ohùn náà gbé ni n kò bi. Nínú ọ́fíìsì ọkùnrin náà, mo jẹ́wọ́ pé mo ti ṣìnà. Kò dùn mọ́ ọn. "Àná, o ní ohùn ti lọ. Lónìí, o ní ó ń sá pamọ́. Kó wá kọ ọ́ níwájú mi nísinsìnyí." A pe ìyá náà lórí fóònù. Ohùn rẹ̀ bọ́ jáde jẹ́jẹ́: "Rárá. Tí mo bá fi í jẹ́rìí fún yín lónìí, kí ni màá fi dágbére lọ́la?" Ọkùnrin náà na ọwọ́ sí mi bí ẹni pé, o ò rí i?

Àlàájà ló gba ọ̀rọ̀ náà lẹ́nu mi. Lárúbáwá ló fi bá a sọ ọ́, ṣùgbọ́n mo mọ ibi tó dé nígbà tí ó mẹ́nu ba ìrun. Ojú ọkùnrin náà yí padà. Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó wo Àlàájà bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i, òun tó ti ń rò tẹ́lẹ̀ pé ẹni tó ń nu tábìlì lásán ni. Ó ní, "Ó dáa. Ẹ jẹ́ ká dúró de Màgàríbì." Ó wá nawọ́ sí mi: "Tí kò bá rí bẹ́ẹ̀, ìwọ ni wàá gun orí pèpéle lọ kọ orin tó kù."

Lẹ́yìn ìrun Màgàríbì ọjọ́ kejì, gbọ̀ngàn kún. Ẹ̀gbẹ́ Àlàájà ni mo jókòó sí. Ó wọ àbáyà dúdú tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fi áyọ́ọ̀nù lọ, ó di ọwọ́ ìjókòó mú bí ẹni tó wà nínú ọkọ̀ òfuurufú. Ìyá náà jáde nínú aṣọ búlúù, kò gbé ìwé kankan dání. Àwọn olórin tẹ ohun èlò wọn díẹ̀, ó mí sínú, ó sì ya ẹnu. N kò mọ bí mo ṣe máa kọ ohùn yẹn sílẹ̀ fún ọ. Kò ga, kò sì pariwo. Ó fẹ̀ ni. Ó ní àwọ̀ oyin tó ti pẹ́ nínú ìgò, ó gba abẹ́ ìjókòó kọjá, ó bá egungun àyà mi níbẹ̀. Nígbà tó dé ibi tí ìka rẹ̀ nìkan ti gòkè lọ́jọ́ ìdánrawò, ọwọ́ rẹ̀ dúró jẹ́ẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ohùn ló gòkè. Mo wo ọkùnrin ọ̀hún. Tẹ̀súbáà ti bọ́ sílẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, kò bẹ̀rẹ̀ mú un. Àlàájà fi ìgúnpá gún mi. "Màgàríbì," ló wí.

Nígbà tó parí, mo lọ bẹ̀ ẹ́ nínú yàrá ẹ̀yìn. Kò jẹ́ kí n délẹ̀ nínú ẹ̀bẹ̀. "Àlàájà ní o ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Mẹ́kà dé," ló wí. Ojú rẹ̀ tàn bíi ti ọmọdé tó fẹ́ gbọ́ ìtàn. "Èmi ò lè wọ ibẹ̀. Mo máa ń ní kó sọ ohun tó bá gbọ́ níbẹ̀ fún mi. Ó ti sọ ti Àmín, bí gbogbo èèyàn ṣe ń ṣe é lẹ́ẹ̀kan náà. Ìwọ ńkọ́, kí lo gbọ́?"

Mo sọ ti ìrun Àìlà fún un, bí lèmọ́mù ṣe pariwo *Allāhu Akbar* kan, tí gbogbo ibẹ̀ sì pa lọ́lọ́, tí n kò gbọ́ nǹkan mìíràn ju ìyẹ́ ẹyẹlé àti ìró aṣọ àìmọye èèyàn tó ń tẹ̀ balẹ̀. Ó pa ojú dé títí mo fi sọ ọ́ tán. "Kò sọ ìyẹn fún mi rí," ló wí. "Ìyẹn gan-an ni mo fẹ́ gbọ́."

Ìyá náà ti padà sí ìlú rẹ̀ báyìí. Láti ìgbà yẹn, kí n tó kọ ọ́ pé nǹkan kan ti tán lára ẹnì kan, mo máa ń kọ́kọ́ wá ẹni tó ń gbá ilẹ̀ ilé rẹ̀ lọ. Ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún ni mo máa ń pe Àlàájà ní Ghulail. Lọ́dún tó kọjá, mo bi í bóyá akọrin wa ti dákẹ́ lóòótọ́, nítorí ó ti dágbére.

Ó rẹ́rìn-ín sí mi létí. "Ìwọ ọmọ yìí. Báwo ni mo ṣe fẹ́ mọ̀? Èmi ò sí nínú mọ́tò ẹ̀ mọ́."